Oníkòkò Pupa

Ẹ bá mi wo ọkùnrin tó jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé yìí. Ọ̀sán ọjọ́ Àìkú ni, oòrùn ti wọlé títí dé ìdí àga. Ó ti fá irùngbọ̀n, ó ti wọ ṣẹ́ẹ̀tì tó lọ̀ fúnra ẹ̀, bẹ́ẹ̀ kò síbì kankan tó ń lọ. Ẹ̀rọ géèmù kékeré kan ló wà lọ́wọ́ ẹ̀. Fóònù ẹ̀ fara ti ife tíì lórí tábìlì, ó sì yí ẹ̀rọ géèmù náà díẹ̀ kí fóònù lè máa rí ojú ẹ̀rọ náà. Ẹ̀gbọ́n ẹ̀ obìnrin ló ń retí kó pè. Mo mọ̀ pé ẹ fẹ́ bi mí pé kí ni ẹni tí ewú ti ń yọ lórí ẹ̀ ń fi géèmù ọmọdé ṣe. Ẹ fara balẹ̀. Ká ní ẹ̀yin lẹ wà nípò ẹ̀ ni, ẹ̀ bá ti ra méjì.

Nínú géèmù ọ̀hún, èèyàn á máa rìn kiri nínú koríko, nínú igbó, létí odò, àwọn abàmì ẹ̀dá á sì máa fò yọ sí i. Tó bá wù ú, á ju àwọ̀n sí wọn, á mú wọn lọ sílé. Tí kò bá wù ú, á tẹ ibi tí wọ́n kọ "Sá" sí, á bá ẹsẹ̀ ẹ̀ sọ̀rọ̀. Gbogbo ẹ̀dá tó bá jẹ́ irú kan náà ló máa ń ní àwọ̀ kan náà. Àmọ́ lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan, lẹ́yìn tí èèyàn bá ti rìn títí tí àtàǹpàkò ẹ̀ fẹ́ẹ̀ yọ, ọ̀kan á jáde tí àwọ̀ tiẹ̀ yàtọ̀ sí ti àwọn ẹbí ẹ̀. Kò lágbára jù wọ́n lọ o. Ohùn ẹ̀ ò yàtọ̀. Àwọ̀ lásán ni. Alára-ọ̀tọ̀ ni àwọn tó ń ṣe géèmù náà ń pè é, wọ́n sì lè torí ẹ̀ gbàgbé oúnjẹ lórí iná. Ẹni tó dá géèmù yìí sílẹ̀ ò wá fi agogo kankan sí i tó máa dún, kò fi ìràwọ̀ sí i lára. Ojú ẹ lo máa fi rí i. Tí o ò bá rí i, o ti sá fún un nìyẹn, ó sì ti lọ nìyẹn.

Ibẹ̀ gan-an ni wàhálà ọkùnrin wa wà. Látìgbà tí wọ́n ti bí i ni pupa àti àwọ̀ ewé ti jẹ́ nǹkan kan náà lójú ẹ̀. Tòmátò tó pọ́n àti ewé ìdí ẹ̀, ìbejì ni wọ́n. Nínú gbogbo ayé, ẹ̀gbọ́n ẹ̀ nìkan ló mọ̀.

Níbi iṣẹ́ ẹ̀, wọn ò mọ̀. Ilé ìfọṣọ ńlá kan ló ti ń ṣiṣẹ́, àwọn tó ń bá àwọn òtẹ́ẹ̀lì fọ aṣọ. Òun ló wà nídìí ẹ̀rọ ìlọṣọ gbọọrọ tí wọ́n ń ki aṣọ tútù bọ̀ lápá kan, tó ń jáde ní gbígbẹ lápá kejì. Aṣọ ibùsùn funfun nìkan ló máa ń lọ̀. Ọjọ́ tí wọ́n gbà á síṣẹ́ ló ti sọ fún ọ̀gá pé òun ò fẹ́ràn aṣọ aláwọ̀ rárá, pé ó máa ń fún òun ní ẹ̀fọ́rí. Ẹ gbọ́ irọ́! Ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ń pè é ní Bọ̀dá Funfun, wọ́n sì gbà pé agbéraga ni. Ó tẹ́ ẹ lọ́rùn bẹ́ẹ̀. Kí wọ́n pe òun ní agbéraga sàn ju kí wọ́n máa gbé aṣọ sókè níwájú òun, kí wọ́n máa bi òun pé, "Èyí ńkọ́? Àwọ̀ wo rèé?" Ẹ̀yin tẹ́ ẹ bá ní irú ojú bẹ́ẹ̀ mọ ohun tí mò ń sọ.

Ẹ̀gbọ́n ẹ̀ ló tọ́ ọ dàgbà. Aránṣọ ni. Kò bímọ, kò lọ́kọ nígbà yẹn, àbúrò ẹ̀ yìí náà ni ọmọ, òun náà ni ẹni tí wọ́n jọ ń sọ̀rọ̀. Òun ló máa ń yan ìbọ̀sẹ̀ fún un láàárọ̀ kó má baà wọ ọ̀kan pupa, ọ̀kan àwọ̀ ewé jáde. Nígbà tí làkúrègbé wá bẹ̀rẹ̀ sí í mú ẹ̀gbọ́n níka, dókítà ní kó wá nǹkan tí àwọn ìka náà á máa tẹ̀. Bí ẹ̀rọ géèmù ṣe wọlé wọn nìyẹn. Ṣùgbọ́n àwọn ìka náà kọ̀, wọn ò yára tó. Kó tó tẹ ibi tó fẹ́ tẹ̀, ẹ̀dá á ti gbá a lulẹ̀. Ló bá ju ẹ̀rọ náà sí àbúrò ẹ̀ lẹ́sẹ̀. "Gbà, jàre. Ìwọ lo ní ọwọ́, èmi ni mo ní ojú. Ká jọ ṣe é."

Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe ń ṣe é o. Ọkùnrin yìí á rìn nínú koríko, ẹ̀dá á fò yọ, á gbé ọwọ́ kúrò lára bọ́tìnnì, á dúró. Ẹ̀gbọ́n á na ọrùn. Obìnrin yìí kì í kánjú. "Dúró ná, dúró, jẹ́ kó yíjú síbí, jẹ́ kí n rí ẹ̀yìn ẹ̀." Ìgbà tó bá yẹ̀ ẹ́ wò tán ló máa ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ pé, "Sá." Tàbí kó gbá a lẹ́jìká, kó lọgun, "Òun nìyẹn!" Ó wá di pé ó ń pe àbúrò ẹ̀ ní Ọwọ́ mi, àbúrò náà ń pè é ní Ojú mi. Tẹ́ ẹ bá ń kọjá lẹ́nu ọ̀nà wọn, tẹ́ ẹ gbọ́ "Sá! Sá! Sá!", ẹ óò rò pé olè ló wọlé. Bẹ́ẹ̀, àgbàlagbà méjì ló jókòó jẹ́jẹ́ sórí àga kan.

Kò sí alára-ọ̀tọ̀ tí wọn ò rí mú, àfi ẹyọ kan. Oníkòkò ni wọ́n ń pè é. Ó dà bí ìgbín, ṣùgbọ́n ìkòkò ló gbé sẹ́yìn dípò ìkarahun. Ìkòkò gbogbo Oníkòkò, àwọ̀ ewé ni. Ti alára-ọ̀tọ̀ ló pupa bí ata. Fún gbogbo ayé, èyí ló rọrùn jù láti dá mọ̀. Fún ọkùnrin wa, ẹ ti mọ̀.

Ibi tí wọ́n bá a dé nìyẹn tí Tíṣà fi yọjú. Tíṣà tó ti fẹ̀yìn tì ni, ìyàwó ẹ̀ ti kú, ó gbé ṣòkòtò kan wá fún ẹ̀gbọ́n pé kó bá òun gé e kúrú díẹ̀. Ó gbà á, ó lọ. Nígbà tó ṣe, ó tún gbé ṣòkòtò yẹn náà dé, pé ó ṣì gùn. Ó tún gbé e dé. Ìgbà tí ṣòkòtò náà fi máa di pẹńpẹ́, gbogbo àdúgbò ti mọ̀ pé kì í ṣe ọ̀rọ̀ ṣòkòtò ló ń gbé e wá. Ohun tó dun ọkùnrin wa jù ni pé Tíṣà ò ṣe é bínú sí. Ó lójú àánú, ẹ̀rín ẹ̀ kì í pariwo, ó sì ní àwọn ọmọ àti ọmọ-ọmọ tí wọ́n fò mọ́ ẹ̀gbọ́n lọ́jọ́ tí wọ́n kọ́kọ́ rí i. Wọ́n ṣègbéyàwó, ẹ̀gbọ́n kó lọ sí ìlú Tíṣà, ibẹ̀ sì jìnnà gan-an.

Lọ́jọ́ tó ń lọ, ó di àbúrò ẹ̀ lọ́wọ́ mú. "Má mú Oníkòkò láìsí mi o. Gbogbo ọjọ́ Àìkú ni mo máa máa pè ẹ́, a jọ máa wá a."

"Ojú wo ni mo fẹ́ fi mú un láìsí yín?" ni àbúrò dá a lóhùn. Wọ́n rẹ́rìn-ín. Ọkọ̀ gbéra. Ọkùnrin wa padà sílé, ó kó gbogbo ìbọ̀sẹ̀ ẹ̀ dà nù, ó lọ ra dúdú.

Níbẹ̀rẹ̀, ìpè náà máa ń pẹ́. Ẹ̀gbọ́n á ní "Sá," á béèrè bóyá ó jẹun, á ní "Sá," á ṣàlàyé bí ilẹ̀kùn ilé tuntun ṣe máa ń ké, á ní "Sá." Oòrùn á kúrò nídìí àga, á gun ògiri, wọn ò ní mọ̀. Nígbà tó yá, ó bẹ̀rẹ̀ sí í kúrú. Ẹnì kan á pè é látinú ilé, á ní òun ń bọ̀. Àwọn ọjọ́ Àìkú kan wà tí kò pè rárá, tó bá di ọjọ́ kejì á wá máa bẹ̀bẹ̀. Ọkùnrin wa kì í bínú. Ó ń dá wà, ẹ jẹ́ ká sọ ọ́ bó ṣe rí. Láti ọjọ́ Ajé títí di Sátidé, ohùn tó ń gbọ́ nínú yàrá yẹn ò ju ti omi ẹ̀rọ lọ àti ti aládùúgbò tó ń wúkọ́ lẹ́yìn ògiri. Ó sì mọ ohun kan lọ́kàn ara ẹ̀ tí kò lè sọ fẹ́nì kankan: níwọ̀n ìgbà tí Oníkòkò pupa ò bá tíì jáde, ẹ̀gbọ́n òun á máa rí ìdí tó fi yẹ kó pè. Ẹ lè má gbà gbọ́, àmọ́ àwọn ọjọ́ kan wà tó ń gbàdúrà pé kó má jáde.

Ọjọ́ Àìkú tí mo ní kẹ́ ẹ bá mi wò yìí, ìpè náà pẹ́ kó tó wọlé. Nígbà tó wọlé, yẹtí ló kọ́kọ́ rí. Ẹ̀gbọ́n ẹ̀ ti múra. Ariwo àwo àti ẹ̀rín èèyàn ń bọ̀ lẹ́yìn ẹ̀.

"Ojú mi, ẹ káàsán o."

"Ọwọ́ mi, ṣé dáadáa lo wà? O ti jẹun? Ó yá, jẹ́ ká rìn. Gbogbo wọn ló wá lónìí, ilé kún."

Wọ́n rìn. "Sá." Wọ́n tún rìn. "Sá." Ọmọdébìnrin kan dá ohùn sí i láti ẹ̀yìn: "Màmá àgbà, wọ́n ní oúnjẹ ń tutù!"

Màmá àgbà. Ọ̀rọ̀ náà gún un lọ́kàn. Ó dára kí ẹ̀gbọ́n òun tí kò bímọ rí ẹni pè é bẹ́ẹ̀. Ó dára gan-an ni. Ó ṣáà gún un.

"Ẹ lè máa lọ," ló wí. Ẹnu lásán ló fi sọ ọ́. "Ẹ jẹ́ ká dá a dúró di ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀."

"Rárá o. Díẹ̀ sí i."

Koríko mì. Ó gbé ọwọ́ kúrò lára bọ́tìnnì. Ẹ̀dá náà ò tíì yọ tán, orí ẹ̀ nìkan ló ti jáde, ìkòkò ẹ̀yìn ẹ̀ ṣì wà nínú koríko, tí ẹ̀gbọ́n fi figbe ta. "Òun nìyẹn! Òun nìyẹn, Ọwọ́ mi! Jù ú!"

Ọwọ́ ẹ̀ ti gbọ́ kí etí ẹ̀ tó gbọ́. Ó ju àwọ̀n. Àwọ̀n náà mì, ó tún mì, ó wá pa rọ́rọ́. Ó ti mú un.

Ẹ wá gbọ́ ariwo! Ẹ̀gbọ́n pàtẹ́wọ́, ó pe Tíṣà, ó pe ẹni tó ń gbọ́ àti ẹni tí kò gbọ́. "Ẹ wá wo àbúrò mi! Ó ti mú un!" Tíṣà yọjú, ó ní òun bá a yọ̀. Ọmọ kékeré kan wá fi imú kan fóònù.

"Ṣé ó pupa?" ni ọkùnrin wa béèrè.

"Ó pupa bí ata." Ó nu ojú ẹ̀. "Ó parí, Ọwọ́ mi. A ti ṣe é parí. Jẹ́ kí n lọ jẹun, mo máa pè ẹ́."

Ó lọ. Ọkùnrin wa gbé Oníkòkò sínú àpótí tí wọ́n ń kó àwọn alára-ọ̀tọ̀ sí nínú géèmù náà, sí àyè kan ṣoṣo tó ṣẹ́ kù. Ó sọ fún ara ẹ̀ pé inú òun dùn. Ó mu tíì tó ti tutù, ó dìde, ó tún jókòó.

Ọjọ́ Àìkú tó tẹ̀ lé e, ó fá irùngbọ̀n. Kò sẹ́ni tó pè. Ó ní kò burú, ọwọ́ wọn á ti dí. Èyí tó tẹ̀ lé ìyẹn, ohùn tí wọ́n gbà sílẹ̀ ló wọlé sórí fóònù: "Àbúrò mi, a wà lójú ọ̀nà, mo kàn ní kí n kí ẹ." Àbúrò mi. Kò pè é ní Ọwọ́ mi. Ó gbọ́ ọ tán, ó tún padà gbọ́ ọ.

Ló bá bẹ̀rẹ̀ sí í gbé ẹ̀rọ géèmù lọ síbi iṣẹ́. Nígbà ìsinmi, á jókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ òkìtì aṣọ ibùsùn tó ṣẹ̀ṣẹ̀ lọ̀, níbi tó lọ́ wọ́ọ́rọ́, á ṣí àpótí náà, á máa wò wọ́n. Ọjọ́ kan ni obìnrin tó ń ya aṣọ sọ́tọ̀ ká a mọ́bẹ̀. Obìnrin yìí ló máa ń ya funfun kúrò lára aláwọ̀ kí wọ́n tó kó wọn sínú ẹ̀rọ. Ojú ẹ̀ mú, ẹnu ẹ̀ mú jù bẹ́ẹ̀ lọ.

"Yéè! Bọ̀dá Funfun! Ẹ̀yin náà ń ṣe géèmù yìí? Ọmọ mi obìnrin ò jẹ́ ká gbádùn nítorí ẹ̀. Ẹ jẹ́ n rí i."

Ó ti pẹ́ tí ẹnì kan ti béèrè nǹkan lọ́wọ́ agbéraga yìí. Ó gbé e fún un. Obìnrin náà ń wò wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan, ó ń kígbe. "Ẹ wo ẹyẹ aláwọ̀ wúrà! Ẹ wo eléyìí, ó dúdú minimini! Ọmọ mi á yarí tó bá rí i. Ẹ̀yin lẹ mú gbogbo èyí?"

"Èmi àti ẹ̀gbọ́n mi ni." Inú ẹ̀ ń dùn bọ̀ díẹ̀díẹ̀. Ó ti ń sàárò kí èèyàn máa ka àwọ̀ sí òun létí.

"Eléyìí ńkọ́?" Obìnrin náà ti dé ìparí. "Kí lèyí ń wá láàárín àwọn ọ̀gá? Oníkòkò lásán nìyí. Ọmọ mi ní in bí iyanrìn."

"Pupa ni."

"Pupa kẹ̀?" Ó bú sẹ́rìn-ín. Ó fa etí yunifọ́ọ̀mù ara ẹ̀, ó gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ ojú ẹ̀rọ. "Ṣé èyí náà pupa ni? Àwọ̀ kan náà ni wọ́n. Ewé ni, Bọ̀dá. Ewé tútù yọ̀yọ̀."

Ọkùnrin wa wo yunifọ́ọ̀mù, ó wo Oníkòkò. Lójú tiẹ̀ náà, àwọ̀ kan náà ni. "Mò ń dán yín wò ni," ló wí, ó sì rẹ́rìn-ín.

Ẹ̀rín náà ò dáa. Obìnrin tó ń ya aṣọ wò ó, ó wo òkìtì aṣọ funfun, ó tún wò ó, ẹ̀rín kúrò lẹ́nu tiẹ̀ náà. Ó dá ẹ̀rọ náà padà sí i lọ́wọ́ jẹ́jẹ́. "Tẹ́ ẹ bá fẹ́," ó rẹ ohùn sílẹ̀, "mo lè máa bá yín wò ó nígbà ìsinmi. Kò ni mí lára."

"Ẹ ṣeun. Ó ti parí."

Gbogbo ọjọ́ yẹn ló fi ń bá ẹ̀gbọ́n ẹ̀ ṣẹjọ́ lọ́kàn. Ó kọ́kọ́ gbèjà ẹ̀. Fóònù ló fà á, fóònù máa ń yí àwọ̀ padà. Oòrùn ló fà á. Ṣùgbọ́n ó rántí pé ìkòkò náà ṣì wà nínú koríko nígbà tí ẹ̀gbọ́n lọgun. Obìnrin tó máa ń ní "dúró, jẹ́ kó yíjú," tó lè mú èèyàn dúró títí ọrùn á fi wọ́! Kò wo nǹkan kan. Oúnjẹ ń tutù, ilé kún, ó sì fẹ́ kó parí. Bó ṣe jẹ́ nìyẹn.

Inú bí i débi pé ó gbàgbé aṣọ kan sínú ẹ̀rọ, aṣọ náà jóná. Ọ̀gá sọ̀rọ̀ títí, kò gbọ́. Ọ̀rọ̀ tiẹ̀ ló ń tò. "Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ purọ́ fún mi. Tó bá sú yín, ẹ̀ bá sọ pé ó sú yín. Ṣé ojú tí ò ríran dáadáa yìí lẹ wá fi ń ṣeré?" Ó ń sọ ọ́ lójú ọ̀nà, ó ń sọ ọ́ nínú ilé ìwẹ̀, ó ń tún un ṣe, ó ń fi ata sí i. Kó tó di òpin ọ̀sẹ̀, ọ̀rọ̀ náà ti mú bí abẹ.

Lọ́jọ́ Àìkú, kò fá irùngbọ̀n. Ọjọ́ yẹn gan-an ni fóònù wá dún.

Ẹ̀gbọ́n ẹ̀ jókòó sídìí fèrèsé kan tí kò mọ̀. Aṣọ ọmọdé kan wà lórí itan ẹ̀, ó ń ṣẹ́ etí ẹ̀. Ọmọdébìnrin kan dúró tì í. Ìka ọmọ náà ló ń bá a ki okùn bọ ojú abẹ́rẹ́, òun náà ló ń bá a fà á jáde lódì kejì. Wọ́n ti mọ̀ ọ́n ṣe. Ẹ̀gbọ́n ò tíì la ẹnu tí ọmọ á ti ṣe ohun tó fẹ́. Ọkùnrin wa wo ọwọ́ kékeré yẹn, ó wo tiẹ̀.

"Ọwọ́ mi." Ẹ̀gbọ́n ò gbé ojú sókè. "Oníkòkò wa ńkọ́? Ṣé o ṣì máa ń wò ó?"

"Mò ń wò ó. Mo fi han obìnrin kan níbi iṣẹ́."

Abẹ́rẹ́ dúró. "O fi han èèyàn?" Ó gbé ojú sókè wàyí, ojú tí ọkùnrin wa mọ̀ ju ojú ara ẹ̀ lọ. Ẹ̀rù ń bà á. Obìnrin tó tọ́ ọ dàgbà, tí kò bẹ̀rù ọ̀gá, tí kò bẹ̀rù onílé, ń bẹ̀rù ohun tí àbúrò ẹ̀ fẹ́ sọ. "Kí ló sọ?"

Ó lè sọ ọ́ báyìí. Ẹ̀gbọ́n á sunkún, á bẹ̀ ẹ́, á pè lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀, á sì máa pè ní gbogbo ọjọ́ Àìkú, pẹ̀lú ilé tó kún lẹ́yìn ẹ̀, pẹ̀lú oúnjẹ tó ń tutù, nítorí pé ó jẹ̀bi. "Sá. Sá. Sá." Ọkùnrin wa fẹ́ ẹ. Kí Ọlọ́run dárí jì í, ó fẹ́ ẹ bẹ́ẹ̀ náà.

"Ó ní òun ò rí èyí tó pupa tó bẹ́ẹ̀ rí," ló wí.

Ẹ̀gbọ́n mí kanlẹ̀. Ó rẹ́rìn-ín. "Àbí mi ò sọ fún ẹ?"

"Ẹ sọ fún mi."

"Màmá àgbà," ni ọmọ náà wí, "okùn ti tán."

"Ẹ dá a lóhùn," ni ọkùnrin wa sọ. "Ẹ máa lọ, Ojú mi. A ti mú un."

Ó dúró kí ẹ̀gbọ́n pa fóònù fúnra ẹ̀. Kò pẹ́ rárá.